Àwọn Ìwé Ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Tí Mo Kà fún Bàbá Ará Ítálì

Agogo méjì ọ̀sán ni mo máa ń dé ọ̀dọ̀ bàbá náà, láti ọjọ́ Ajé títí di ọjọ́ Ẹtì. Ìṣẹ́jú márùndínláàádọ́ta ni ilé iṣẹ́ wa fún mi níbẹ̀: kí n gbé oúnjẹ rẹ̀ gbóná, kí n kán oògùn sí i lójú, kí n wò ó bóyá ó ti wẹ̀, kí n sì máa bá tèmi lọ. Ará Ítálì ni. Ó ti lé lẹ́ni ọgọ́rin ọdún. Iṣẹ́ ẹ̀rọ ló ṣe ní Crossness, níbi tí wọ́n ti ń sẹ́ omi ìgbẹ́ ìlú London. Àwọn pọ́ǹpù ńlá ibẹ̀ ló ń tún ṣe títí ó fi fẹ̀yìn tì. Ojú rẹ̀ ti ń lọ. Ó ṣì lè mọ ibi tí fèrèsé wà, ó lè mọ̀ pé ènìyàn wọlé, ṣùgbọ́n kò lè rí lẹ́tà kankan kà mọ́, bẹ́ẹ̀ ìwé kún ilé rẹ̀ láti ilẹ̀ dé àjà.

Ìwé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ni gbogbo wọn. Èyí tó pọ̀ jù wà ní èdè Ítálì tí n kò gbọ́, ṣùgbọ́n pẹpẹ kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga rẹ̀ tó jẹ́ pé àwọn tí wọ́n ti túmọ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì ló wà níbẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ kejì tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í lọ, ó bi mí pé:

"Ṣé o mọ̀wé kà?"

Ọ̀rọ̀ náà gún mi lọ́kàn. Mo ní, "Sà, akọ̀wé kóòtù ni mí l'Ékòó fún ọdún mọ́kànlá kí n tó wá máa nu ìdí àgbàlagbà níbí."

Ó yí ojú rẹ̀ tí kò ríran sí mi. "Kóòtù kẹ̀? Ó dára bẹ́ẹ̀. Ìwọ gan-an ni mò ń wá."

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í kàwé fún un nìyẹn. Nínú ìwé àkọ́kọ́, wọ́n rí òkú dókítà ẹran nínú yàrá yìnyín kan ní ìlú etí òkun. Iṣẹ́ ọkùnrin náà ni kó máa lu òǹtẹ̀ mọ́ ẹran tó bá dára, kò sì gbà láti lu òǹtẹ̀ mọ́ èyí tó ti bàjẹ́. Ọlọ́pàá obìnrin kan ló ń wá ẹni tó pa á. Kí n tó ka ìdajì ìwé náà ni mo ti mọ àwọn tó pa á: igbákejì olórí ìlú ni, òun àti ẹni tó ni ilé ẹran, pẹ̀lú àlùfáà tó gbàdúrà sí ilé náà lọ́jọ́ tí wọ́n ṣí i. Ọlọ́pàá náà mọ̀ wọ́n. Ẹni tó ń ta kọfí lẹ́nu ọ̀nà kóòtù mọ̀ wọ́n. Mo ń kánjú kà á, mo ń retí ṣẹkẹṣẹkẹ. Ní ojú ìwé tó kẹ́yìn, wọ́n kó fáìlì ẹjọ́ náà lọ sí Róòmù, ìwé sì tán.

Mo yí i padà, mo wo ẹ̀yìn rẹ̀. "Sà, ó dà bíi pé ojú ewé kan ti já kúrò níbí."

Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi húkọ́. "Kò já. Ibi tó parí sí nìyẹn."

"Àwọn tó pa á ńkọ́?"

"Wọ́n wà níbẹ̀. Wọ́n ń jẹ ẹran."

Inú bí mi délé lọ́jọ́ náà. Àwọn ìwé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Yorùbá tí a kà ní girama, bó ti wù kí ọ̀daràn gbọ́n tó, ọwọ́ á tẹ̀ ẹ́ níkẹyìn, àwa ọmọ kíláàsì á sì pàtẹ́wọ́. Nígbà tí mo sọ bẹ́ẹ̀ fún bàbá lọ́jọ́ kejì, ó ní irú èyí náà ló pọ̀ nínú ìwé àwọn ará ibí.

"Nínú ìwé tiwọn," ó ní, "ilé dára, ọgbà dára, ẹni burúkú kan ṣoṣo ló wà nínú ilé. Wọ́n á mú un jáde, àwọn tó kù á sì tún jókòó mu tíì. Nínú tiwa, ẹni burúkú yẹn ni òpó ilé. Tó o bá fà á yọ, gbogbo ilé á wó lé yín lórí. Ìdí nìyẹn tí ẹnikẹ́ni kì í fi í fà á yọ. Wọ́n rò pé 'ta ló ṣe é' ni ìbéèrè inú ìwé wa. Rárá o. Gbogbo ìlú ló mọ ẹni tó ṣe é. Ta ló máa sọ ọ́? Ìbéèrè wa nìyẹn."

Mo mọ ohun tó ń sọ ju bó ṣe rò lọ. Ní kóòtù tí mo ti ṣiṣẹ́, fáìlì ní ẹsẹ̀. Ilé alájà mẹ́ta kan wó pa àwọn ayálégbé nígbà kan, ẹni tó kọ́ ọ kì í ṣe ẹni kékeré. Lọ́jọ́ kan, ọ̀gá mi gbé fáìlì ẹjọ́ náà lé mi lọ́wọ́, ó ní, "Bá mi gbé èyí délé, kó o sì gbàgbé ibi tó o fi sí." Mo gbé e délé. Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì ni mo fi sí. Mo sùn lé e lórí fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, títí adájọ́ fi tú ẹjọ́ náà ká pé kò sí ìwé. Bàbá ará Ítálì lẹni àkọ́kọ́ tí mo sọ ọ́ fún láyé mi, bóyá torí pé kò lè rí ojú mi.

Kò dá mi lẹ́bi. Ó kàn béèrè pé, "Ṣé o rí oorun sùn?"

Mo ní, "Mo sùn dáadáa, sà."

Ó mi orí. Ó ní òótọ́ ọ̀rọ̀ nìyẹn, pé àwọn òǹkọ̀wé tó ń sọ pé irú ẹni bẹ́ẹ̀ kì í rí oorun sùn, wọn ò tíì gbé fáìlì kankan délé rí.

Láti ìgbà náà ni mo ti ń fi àkókò ìsinmi tèmi kún ti ilé iṣẹ́, kí n lè kà tó wákàtí kan. A ka ìtàn awakọ̀ tí wọ́n pa torí pé ó mọ ohun tí wọ́n rì mọ́ abẹ́ títì tuntun. Májèlé ni, ìdọ̀tí àwọn ilé iṣẹ́ ńlá apá òkè Ítálì, tí wọ́n ń fi ọkọ̀ kó wá sí oko àwọn tálákà apá ìsàlẹ̀. Àwọn ẹgbẹ́ òṣèlú méjì tí wọ́n ń bú ara wọn lórí tẹlifíṣọ̀n ló jọ ni àwọn ọkọ̀ náà. Bàbá á ní kí n dúró, á ṣàlàyé pé báyìí ni ó rí lóòótọ́ nígbà kan, pé oníwèé ìròyìn tó bá sọ ọ́, wọ́n á pè é lẹ́jọ́ tàbí kí wọ́n yìnbọn fún un, ṣùgbọ́n òǹkọ̀wé á ní ìtàn lásán lòun ń sọ, wọ́n á sì fi í sílẹ̀. Ó ní ẹni tó bá fẹ́ mọ ìjọba Ítálì, kó má wulẹ̀ ka ìwé ìtàn ìjọba, kó lọ ka ìwé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́.

Mo sọ fún un pé ìdí tí mo fi sá wá síbí nìyẹn, pé níbí òfin ń ṣiṣẹ́.

Ó ní, "Ó lé ní ọgbọ̀n ọdún tí mo fi wà ní Crossness. Mo mọ ohun tó ń gba abẹ́ ìlú yìí kọjá."

Mo rò pé ọ̀rọ̀ arúgbó ni.

Ọmọ Yorùbá ni obìnrin tó ni ilé iṣẹ́ wa. Auntie ni gbogbo wa ń pè é. Díákónì ni nínú ìjọ wa, ìjọ tó ń ṣe ìsìn nínú ilé ìkẹ́rùsí kan ní Thamesmead West, tí ọgbà ẹ̀wọ̀n kò jìnnà sí. N kò ní parọ́ mọ́ ọn: ó ṣe wá lóore. Òun ló wá pàdé wa ní pápákọ̀ òfuurufú, èmi, ọkọ mi àti ọmọ wa obìnrin. Aṣọ òtútù àkọ́kọ́ tí ọmọ mi wọ̀ nílùú yìí, ọwọ́ rẹ̀ ló ti wá. Lórí ìwé rẹ̀ ni físà mi wà, físà ọkọ mi àti ti ọmọ sì so mọ́ tèmi. Nọ́ọ̀sì ni ọkọ mi nílé, ṣùgbọ́n kò tíì ṣe ìdánwò tí wọ́n fi ń gbà wọ́n síṣẹ́ níbí, nítorí náà ó ń di ẹrù nílé iṣẹ́ kan, ó ń kàwé ní gbogbo ìgbà tó bá ráyè.

Ohun tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ nípa iṣẹ́ wa ni pé bí olùtọ́jú bá dé ilé arúgbó, á fi fóònù rẹ̀ kan káàdì kékeré kan tó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, kó lè hàn pé ó dé. Lẹ́yìn náà á kọ ohun tó ṣe sílẹ̀, ẹbí arúgbó náà sì lè rí i lórí fóònù tiwọn. Ṣùgbọ́n tí fóònù olùtọ́jú bá kọ̀, Auntie lè kọ ọ́ láti ọ́fíìsì pé lágbájá ti wá.

Ìyá arúgbó òyìnbó kan wà ní Thamesmead North tí mo máa ń lọ bá láàárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun àti Ọjọ́bọ̀; àwọn ẹlòmíì ló ń lọ ní ọjọ́ yòókù. Òun nìkan ló ń gbé. Ó fẹ́ràn kí n máa pè é ní Mummy. Ní ọdún Àjíǹde tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, a ní àpéjọ ńlá ní ṣọ́ọ̀ṣì, ẹgbẹ́ akọrin ni mí, mo ti gba ìsinmi ọjọ́ Ajé, a sì wà níbẹ̀ láti òwúrọ̀ ọjọ́ Àbámẹ́ta títí di ọjọ́ Ajé náà. Auntie jókòó sí ìlà kejì, ó wọ aṣọ funfun. Nígbà tí ọdún parí, láàárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, mo lọ síbi iṣẹ́ mi ní Thamesmead North.

Ilẹ̀ ilé ìdáná ni mo ti bá a. Ó ti ṣubú sí ẹ̀gbẹ́ fíríìjì, ó ti fa aṣọ ìnuwọ́ kan bora. Ó ṣì ń mí. Ètè rẹ̀ ti là bí ti ẹni tí ọyẹ́ ń fẹ́ lù. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, ó fún ọwọ́ mi, kò sì lè sọ nǹkan kan. Àwọn alámbúláǹsì gbé e lọ. Ní Ọjọ́bọ̀ ó kú.

Bí wọ́n ṣe gbé e jáde ni mo ṣí fóònù láti kọ ohun tí mo rí sílẹ̀. Mo rí orúkọ mi níbẹ̀. Ọjọ́ Àbámẹ́ta, orúkọ mi. Ọjọ́ Àìkú, orúkọ mi. Ọjọ́ Ajé, orúkọ mi. Ohun tí wọ́n kọ sábẹ́ rẹ̀ nìyí: mo fún un ní tíì àti búrẹ́dì. Ó lo oògùn rẹ̀. Inú rẹ̀ dùn.

Ọ́fíìsì Auntie wà lókè ṣọ́ọ̀bù kan ní Woolwich. Ó ti gbé omi kalẹ̀ dè mí.

"Jókòó, Sister."

"Auntie, ẹ kọ orúkọ mi síbẹ̀. Mi ò débẹ̀."

"Mo mọ̀."

"Agogo mẹ́sàn-án àárọ̀ ọjọ́ Àìkú lẹ kọ pé mo wà lọ́dọ̀ rẹ̀. Agogo mẹ́sàn-án ọjọ́ Àìkú, mò ń kọrin níwájú yín, ma."

"Mo ní mo mọ̀." Kò gbé ohùn sókè. "Ẹni tí mo fi síbẹ̀ ló ní ara òun ò yá. Mo wá ẹlòmíì, mi ò rí. Mo kọ orúkọ rẹ torí ìwọ ni ìyá yẹn mọ̀ jù. Mo rò pé ọjọ́ mẹ́ta á kọjá láìsí wàhálà. Ó ti kọjá láìsí wàhálà rí."

Mo ń wò ó. Òun ló tún sọ̀rọ̀.

"Ènìyàn mọ́kànlélógójì ló wà lórí ìwé mi. Tí ìjọba bá gba láísẹ́ǹsì tí mo fi ń gba físà fún yín yìí lọ́wọ́ mi, ọgọ́ta ọjọ́ ni wọ́n máa fún yín kẹ́ ẹ fi wá ẹlòmíì tó máa gbà yín, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ kẹ́ ẹ máa lọ sílé. Èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bí ìbejì, ibo ló fẹ́ lọ? Èyí tó ta ilẹ̀ bàbá rẹ̀ kó tó wá ńkọ́? Ọkọ rẹ tó ń kàwé ìdánwò ńkọ́? Ìyá yẹn ti lọ, Sister. Ṣé wàá wá fi òkú kan pa ogójì alààyè?"

Ó di ọwọ́ mi méjèèjì mú, ó gbàdúrà fún mi. Mo sì ṣe àmín.

Obìnrin tí ìjọba ìbílẹ̀ rán wá béèrè ọ̀rọ̀ jẹ́ ẹni jẹ́jẹ́. Nínú ọ́fíìsì yẹn kan náà la ti rí i, Auntie jókòó tì mí. Ó bi mí bóyá mo lọ ní ọjọ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó bi mí bóyá ìyá náà sọ pé nǹkan kan ń dun òun. Mo ní rárá. Ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó dúpẹ́, ó ní ó ní láti jẹ́ pé lálẹ́ ọjọ́ Ajé ló ṣubú. Mo ní ó ṣeé ṣe.

Èyí tó pa mí nínú kò tíì dé nígbà yẹn. Lẹ́yìn ìsìnkú, ọmọkùnrin ìyá arúgbó náà ní òun fẹ́ rí mi. Ọkùnrin tí gbogbo irun rẹ̀ ti funfun ni, ọ̀nà jíjìn ló ń gbé. Mo bá a nílé ìyá rẹ̀, ó ń fi ìwé ìròyìn wé àwo, ó ń kó wọn sínú páálí.

Ó ní, "Ìwọ lẹni tó wà lọ́dọ̀ ìyá mi kẹ́yìn. Mo fẹ́ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ. Mo pè é lọ́jọ́ Àìkú, kò gbé fóònù. Ẹ̀rù bà mí. Mo fẹ́ pe aládùúgbò pé kó lọ wò ó. Ni mo bá wo ibi tẹ́ ẹ máa ń kọ ọ̀rọ̀ sí, mo rí i pé o ti wá, pé inú rẹ̀ dùn. Ọkàn mi balẹ̀."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára bí omi tútù. Èmi ti rò pé orúkọ mi kàn bo ohun tó ṣẹlẹ̀ mọ́lẹ̀ ni. N kò mọ̀ pé orúkọ mi ló dí ọ̀nà mọ́ ẹni tí ì bá gbà á là.

Ó béèrè pé, "Kí ló ń mú inú rẹ̀ dùn?"

Ó yẹ kí n sọ pé n kò mọ̀. Mo wo ojú rẹ̀, mo sì ní, "Ẹyẹ kan bà sí ojú fèrèsé lọ́jọ́ Àìkú, sà. Ó rẹ́rìn-ín. Ó sọ̀rọ̀ yín."

"Kí ló sọ?"

"Ó ní ọmọ dáadáa lẹ jẹ́."

Ó jókòó lórí páálí, ó sunkún bí ọmọdé. Mo dúró tì í, mo ń fọwọ́ pa á lẹ́yìn.

Lọ́jọ́ kejì, mo ń kàwé fún bàbá ará Ítálì. Ìwé tuntun ni. Ọlọ́pàá wá bi obìnrin kan tó ń gbálẹ̀ ní báńkì pé kí ló rí, obìnrin náà ní òun ò rí nǹkan kan, ojú òun wà nílẹ̀. Mo pa ìwé náà dé níbẹ̀. N kò lè kà á kọjá.

Bàbá yí ojú sí mi. "Ta ló kú?"

Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, láti orí aṣọ ìnuwọ́ títí dé orí ẹyẹ. Ó gbọ́ ọ tán. Ó ní nígbà tí òun wà lọ́mọ ọdún méjìlélógún, wọ́n yìnbọn pa olórí ẹgbẹ́ àwọn àgbẹ̀ ìlú òun ní ọ̀sán gangan. Òun rí àwọn méjì tó yìnbọn. Ọlọ́pàá bi òun, òun ní ẹ̀rọ lòun ń tún ṣe, òun ò gbójú sókè. Ọ̀kan nínú àwọn méjì náà di ọmọ ìgbìmọ̀ ìlú lẹ́yìn náà. Ó ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé ọjọ́ tí wọ́n yìnbọn náà lòun wọ ọkọ̀ ojú irin kúrò nílùú.

Mo ní, "Sà, kí ni kí n ṣe?"

"Má bi mí. Ẹni tó sá ni mí. Kò sí ohun tí ẹni tó sá lè sọ fún ẹni tó ń ronú àtidúró."

Mo délé, mo sọ fún ọkọ mi pé mo fẹ́ lọ sọ òótọ́. Kò pariwo. Ó ti ìwé rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní, "Ìdánwò mi ku ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. Ṣé òkú náà ò lè dúró fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà?"

Mo dúró. Mo fẹ́ kẹ́ ẹ mọ̀ ọ́n, kẹ́ ẹ má bàa fi mí pe akọni. Mo dúró títí ọkọ mi fi ṣe ìdánwò náà, mo dúró títí èsì fi jáde, mo dúró títí ilé ìwòsàn kan fi gbà á síṣẹ́ tí wọ́n sì ṣe ìwé físà fún un, tó kọ orúkọ mi àti ti ọmọ wa mọ́ tirẹ̀. Mo fi iṣẹ́ Auntie sílẹ̀; ìgbà tí ọwọ́ rẹ̀ kò lè tó mi mọ́ ni mo tó ní ẹnu. Àwọn ogójì yòókù, mi ò bi wọ́n.

Obìnrin ìjọba ìbílẹ̀ náà gbọ́ mi dé òpin. Ó wá béèrè pé, "Kí ló dé tó o fi sọ òmíràn fún mi nígbà àkọ́kọ́?" Mo ní ẹ̀rù ló bà mí. Ó kọ ọ́ sílẹ̀.

Wọ́n pe Auntie. Auntie ní èmi ni mo pe òun lórí fóònù ní ọjọ́ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pé mo ti lọ, pé ohun tí mo sọ lòun kọ. Mo ní kí wọ́n béèrè lọ́wọ́ àwọn ẹgbẹ́ akọrin. Ogún ènìyàn ló rí mi lórí pẹpẹ láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú yẹn. Wọ́n béèrè. Gbogbo ẹgbẹ́ akọrin ló gbàgbé. Ẹni tó ń di ohùn ìsàlẹ̀ pẹ̀lú mi, tí èjìká wa ń kan ara wọn, ní ó jọ òun lójú pé mo pẹ́ kí n tó dé lọ́jọ́ náà. Òmíràn ní èrò pọ̀, òun ò wo ojú ènìyàn, Ọlọ́run lòun ń wò. Kò sí ẹni tó halẹ̀ mọ́ wọn. Kò sí ẹni tó ní ìbọn. Ọmọ wọn wà nílé ìwé, wọ́n ti ra bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ti ra fíríìjì. Mi ò lè bú wọn, torí mo mọ iye ọ̀sẹ̀ tí èmi náà fi dúró.

Lẹ́tà ìjọba ìbílẹ̀ dé níkẹyìn. Wọ́n ní òṣìṣẹ́ kan ló kọ àbẹ̀wò èké sílẹ̀, òṣìṣẹ́ náà kò sì sí níbẹ̀ mọ́. Wọ́n gba ilé iṣẹ́ náà níyànjú pé kí wọ́n túbọ̀ máa dá àwọn òṣìṣẹ́ lẹ́kọ̀ọ́. Wọ́n fi orúkọ mi sínú ìwé àwọn tí kò gbọ́dọ̀ tọ́jú arúgbó mọ́. Auntie ṣe ìdánilẹ́kọ̀ọ́ náà. Mo gbọ́ pé wọ́n jẹ ìrẹsì lẹ́yìn rẹ̀.

Mo kọ̀wé sí ọmọ ìyá náà kí ìròyìn tó kàn án láti ibòmíràn. Ó pè mí. Kò kí mi.

"Nígbà náà, ẹyẹ kankan kò bà síbẹ̀?"

"Mi ò mọ̀, sà. Mi ò sí níbẹ̀."

"Kò sì sọ̀rọ̀ mi."

Ó pẹ́ lórí fóònù, mò ń gbọ́ bó ṣe ń mí, lẹ́yìn náà ó gbé e sílẹ̀. Mo ti rò pé òótọ́ ni mo fẹ́ fún un. Ohun kan ṣoṣo tó kù lọ́wọ́ rẹ̀ ni mo gbà.

Mo lọ kí bàbá ará Ítálì bí àlejò. Wọ́n ti rán ẹlòmíì sí i, ẹni tí kì í kàwé. Mo sọ bó ṣe parí fún un. Kò yà á lẹ́nu. Ó ní nínú ìwé àwọn ará Ítálì, ẹni tó bá sọ ọ́ ni wọ́n máa ń sin; èmi ṣì ń rìn. Ó ní kí n ka díẹ̀ fún òun kí n tó lọ.

Ìbínú tí mo ti gbé mì láti ọjọ́ yìí wá bú jáde. Mo ní, "Mi ò kà á, sà. Kí làwọn òǹkọ̀wé yín ṣe? Wọ́n ń kọ ọ́, ẹ̀ ń rà á, ẹ̀ ń kà á, ẹ̀ ń mi orí. Ta ni wọ́n tìtorí rẹ̀ mú?"

"Kò sí," ó ní. "Wọn ò mú ẹnì kankan. Ṣùgbọ́n tí gbogbo ìlú bá ní òun ò rí nǹkan kan, ẹni tó rí i á bẹ̀rẹ̀ sí í rò pé orí òun ló dàrú. Ìwé yẹn ni mo fi ń mọ̀ pé orí mi pé. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ."

Mi ò kà á, síbẹ̀. Kò pẹ́ sígbà náà tí ọmọ àbúrò rẹ̀ mú un lọ sí ilé ìtọ́jú kan tó jìnnà sí London. Mi ò mọ ibi tí àwọn ìwé náà gbà.

Ìjọ mìíràn la ń lọ báyìí. Mò ń gbálẹ̀ ní ọ́fíìsì kan. Ọkọ mi kò tíì fi ọ̀rọ̀ náà gún mi lára rí, ṣùgbọ́n tí mo bá fẹ́ sọ nǹkan tó jọ òótọ́ níwájú àlejò, á gbé ojú sókè wò mí.

Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta kan tó kọjá, mo pàdé Auntie ní ọjà Woolwich, níwájú ẹni tó ń ta ẹja. Ó sanra díẹ̀ sí i. Ó pè mí ní Sister. Kí n tó mọ ohun tí mò ń ṣe, eékún mi ti kan ilẹ̀, mo ti ní, "Ẹ káàsán, ma." Ó béèrè ọmọ mi. Ó béèrè ọkọ mi, ó ní òun gbọ́ pé iṣẹ́ rẹ̀ ń lọ dáadáa, pé inú òun dùn sí i. Inú rẹ̀ sì dùn lóòótọ́. Mo rí i lójú rẹ̀. Irọ́ tí mo pa fún ìjọba, mo ti lọ jẹ́wọ́ rẹ̀. Ìkúnlẹ̀ yẹn, mi ò tíì mọ ẹni tí mo lè jẹ́wọ́ rẹ̀ fún. Ó fọwọ́ kan èjìká mi pé kí n dìde, ilẹ̀ tutù. Lẹ́yìn náà ó yí padà sí ẹni tó ń ta ẹja, ó ní kó bá òun mú èyí tó tóbi jù.